Àwọn ọkọ̀ ogun kékeré tó ń gbé lẹ́tà láti Falmouth: ṣé ọkọ̀ ló burú ni, àbí iṣẹ́ tí wọ́n gbé fún un?

ỌmọAtúkọ̀ kọ:

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o, ẹ̀yin ará ilé.

Falmouth ni mò ń gbé, ní ìpẹ̀kun gúúsù ìwọ̀-oòrùn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, níbi tí ilẹ̀ ti ń tán lọ sínú òkun. Òpó òkúta kan wà láàárín ìlú níbí, ní ibi tí wọ́n ń pè ní The Moor. Àwọn ará ìlú ló dáwó gbé e kalẹ̀ ní 1898 ní ìrántí àwọn ọkọ̀ tó fi èbúté yìí ṣe ilé nígbà tí wọ́n ń gbé lẹ́tà káàkiri ayé. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń ka ohunkóhun tí mo bá rí nípa wọn. Apá kan wà nínú ìtàn náà tó máa ń dùn mí, òun ni mo gbé wá síbí.

Ní 1688 ni iṣẹ́ náà bẹ̀rẹ̀. Sípéènì ni wọ́n kọ́kọ́ ń gbé lẹ́tà lọ. Nígbà tó yá, ó di Lisbon, ó di àwọn erékùṣù West Indies, ó di New York, títí dé Brazil. Ọkọ̀ aládàáni ni wọ́n nígbà náà, Ilé Ìfìwéránṣẹ́ ló ń háyà wọn. Àṣẹ tí wọ́n fi lé ọ̀gákọ̀ lọ́wọ́ kò ní ẹ̀kọrọ̀ kankan: bí ọ̀tá bá yọ, sá, bí sísá kò bá ṣeé ṣe mọ́, jà, bí apá kò bá ká ìjà mọ́, ju lẹ́tà sómi kí o tó juwọ́ sílẹ̀. Wọ́n á ti so irin wúwo mọ́ àpò lẹ́tà kí ó lè rì lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀.

1823 ni nǹkan yí padà. Admiralty, ìyẹn àwọn tó ń darí ọkọ̀ ogun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ Ilé Ìfìwéránṣẹ́. Ogun Napoleon ti parí láti 1815. Ọkọ̀ ogun pọ̀ nílẹ̀ tí kò níṣẹ́, àwọn ọ̀gá ológun ojú omi jókòó sílé, ìdajì owó oṣù ni wọ́n ń gbà. Ni wọ́n bá ní kí àwọn ọkọ̀ ogun kéékèèké máa gbé lẹ́tà.

Bíríìgì alágbàá mẹ́wàá ni ọ̀pọ̀ nínú wọn, irú èyí tí wọ́n ń pè ní Cherokee. Henry Peake ló ya àwòrán rẹ̀ ní 1807, nígbà tí ogun ṣì ń lọ lọ́wọ́. Òpó méjì ló ní, gígùn rẹ̀ tó ẹsẹ̀ bàtà 90, ìbú rẹ̀ tó 24. Wọ́n kan irú rẹ̀ ju ọgọ́rùn-ún lọ. Àwọn atukọ̀ fúnra wọn ló sọ ọ́ ní ọkọ̀ pósí. Nǹkan bí ọ̀kan nínú mẹ́rin ló ṣòfò, òmíràn á lọ tòun ti gbogbo èèyàn inú rẹ̀, kò ní sí ẹni tó máa padà wá ròyìn.

Èrò tèmi ni pé ọkọ̀ kọ́ ló jẹ̀bi. Wọ́n kan ọkọ̀ fún ogun, wọ́n wá ní kó máa la Atlantic kọjá nígbà òtútù, ní ọjọ́ tí kàlẹ́ńdà bá dá, ìjì ì báà máa jà. Kí lẹ rí sí i?


KáfíńtàÌlàjẹ fèsì:

Ẹ kú iṣẹ́ ọpọlọ. Ọkọ̀ kíkàn ni iṣẹ́ bàbá mi, òun náà ni mò ń ṣe. Kí n tó sọ ẹni tó jẹ̀bi, ẹ dá mi lóhùn ohun méjì. Imú ọkọ̀ náà ńkọ́, ṣé ó ga? Bí omi bá gun orí dẹ́ẹ̀kì, ibo ló ń gbà jáde?


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Ẹ̀gbọ́n, imú rẹ̀ kò ga. Àwọn ọkọ̀ tó tóbi jù ú lọ máa ń ní dẹ́ẹ̀kì kékeré kan lókè níwájú tó máa ń gba ìgbì, ṣùgbọ́n ti Cherokee kò ní. Dẹ́ẹ̀kì rẹ̀ sún mọ́ omi. Ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, wọ́n fi pákó mọ ògiri gíga yí i ká láti dáàbò bo àwọn tó ń yin àgbá. Àwọn ihò kéékèèké wà nísàlẹ̀ ògiri náà tí omi ń gbà jáde, àwọn fèrèsé tí ẹnu àgbá ń gbà yọ náà sì wà.


KáfíńtàÌlàjẹ fèsì:

Ẹ wá gbọ́ tẹnu mi. Ọkọ̀ tí imú rẹ̀ kò ga, ìgbì yóò gun orí rẹ̀. Bí ògiri bá sì ga lọ́tùn-ún lósì, ohun tó wọlé kò ní lè jáde, dẹ́ẹ̀kì á kàn gba omi dúró bí abọ́ tí wọ́n gbé sábẹ́ ọ̀ṣọ̀rọ̀. Omi wúwo. Bí ó bá dúró lókè ọkọ̀, ṣe ni ọkọ̀ á máa yí sọ́tùn-ún yí sósì, tí kò ní tètè dìde. Kí ó tó gbé ọ̀kan dànù, ìkejì ti dé. Bí ìkẹta bá bá a lórí ẹ̀gbẹ́, ó parí nìyẹn.

Ẹni tó ya àwòrán rẹ̀ ni mo dá lẹ́bi, àbúrò. Ọkọ̀ burú.


BàbáÌfìwéránṣẹ́ fèsì:

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú ìjókòó. Inú iṣẹ́ pósítà ni mo ti fẹ̀yìn tì ní Ìbàdàn. Mo fẹ́ ṣàlàyé ohun kan tí ẹni tí kò ṣe iṣẹ́ yìí lè máà mọ̀. Lẹ́tà kì í dúró de ojú ọjọ́. Bí aago bá lù, a ó di ẹnu àpò, a ó fi èdìdì sí i, ó gbọ́dọ̀ lọ. Oníṣòwò kan ń dúró de ìwé owó rẹ̀, gómìnà kan ń dúró de àṣẹ, ìyá kan ń dúró de ohùn ọmọ rẹ̀. Ọ̀gákọ̀ oníṣòwò lè wo ojú òfuurufú kó ní òun á lọ lọ́la. Ti lẹ́tà kò gbà bẹ́ẹ̀.

Ìdí nìyí tí mo fi fara mọ́ ohun tí ỌmọAtúkọ̀ sọ. Ọkọ̀ ogun tó ń ṣọ́ etíkun lè sá wọ èbúté bí ìjì bá le. Ọkọ̀ lẹ́tà tó ti wà láàárín Atlantic nínú oṣù January kò rí ibi sá sí.

Mo ti gbọ́ nípa ọkọ̀ kan tí wọ́n ń pè ní Pickle. Ṣé òun náà kò sí lára wọn?


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Bàbá, ẹ ṣeun. Ọkọ̀ ogun kékeré ni Pickle, ó gbé ìwé tó lókìkí jù lọ wá sí Falmouth níbí, ṣùgbọ́n kì í ṣe bíríìgì, kò sì sí lára àwọn tó ń lọ tó ń bọ̀ déédéé. Ọkọ̀ ìránṣẹ́ ló jẹ́ fún àwọn ọkọ̀ ogun ńlá. Nígbà tí wọ́n ja ogun Trafalgar ní October 21, 1805, òun ni wọ́n rán kó gbé ìròyìn lọ sílé pé wọ́n ti ṣẹ́gun, Nelson, ọ̀gá àgbà ọkọ̀ ogun wọn, sì ti kú. John Lapenotiere ni ọ̀gá rẹ̀. Ó gúnlẹ̀ sí Falmouth ní November 4, ó gun kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, máìlì 271, ní wákàtí 37. Ìgbà 21 ló pààrọ̀ ẹṣin lọ́nà. Aago kan òru ọjọ́ kẹfà ló dé ẹnu ọ̀nà Admiralty.

Àkọsílẹ̀ owó tó ná sójú ọ̀nà ṣì wà títí dòní, ìdíkọ̀ kan lẹ́yìn ìkejì. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ £46, ṣílè 19, pẹ́nì 1. Mo mọ̀ pé inú yín á dùn sí ìyẹn, bàbá.


BàbáÌfìwéránṣẹ́ fèsì:

Inú mi dùn gan-an ni! Ẹni tó gbé ikú Nelson dání tó ṣì rántí kọ ṣílè àti pẹ́nì sílẹ̀, òṣìṣẹ́ gidi nìyẹn. Kí ló ṣẹlẹ̀ sí ọkọ̀ náà lẹ́yìn náà?


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Ó forí sọlẹ̀ nítòsí Cádiz ní July 1808, ó sì fọ́. Gbogbo èèyàn inú rẹ̀ ló yè. Ìwé tí wọ́n fi rán an sí ọ̀gá ológun tó wà lọ́hùn-ún ló gbé dání lọ́jọ́ náà pẹ̀lú.


Akẹ́kọ̀ọ́Ìtàn fèsì:

Ẹ jẹ́ ká padà sórí ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀. Ẹ̀gbọ́n Káfíńtà ni mo wà lẹ́yìn rẹ̀, ẹ̀rí sì wà. Ẹ wo àwọn bíríìgì tó sọnù pátápátá lẹ́nu iṣẹ́ lẹ́tà: Recruit ní 1832, Calypso ní 1833, Thais nínú oṣù December ọdún náà, Briseis ní 1838. A kò rí pákó, a kò rí òkú. Ìdílé kan á wà ní Falmouth, wọ́n á máa lọ síbi òkè tó kọjú sí òkun, wọ́n á máa wò títí tí Admiralty á fi yọ orúkọ ọkọ̀ náà kúrò nínú ìwé. Bí ọkọ̀ bá dára, báwo ni yóò ṣe máa lọ bẹ́ẹ̀?


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Àbúrò, ẹ wo ibi tí wọ́n ń lọ. Calypso ń bọ̀ láti Halifax ni, ní Kánádà. Thais ń lọ sí Halifax ni. Briseis náà, Halifax ni, nínú oṣù January. Àríwá Atlantic nígbà òtútù ni àwọn mẹ́ta yìí, níbi tí omi tó bá ta sára okùn ti ń di yìnyín, tí ìgbòkùn á le gan-an débi pé ọwọ́ kò ní lè ká a, tí òkè yìnyín sì ń léfòó lójú ọ̀nà. Irú ọkọ̀ kan náà ń lọ sí Lisbon, ó ń lọ sí Rio ní Brazil lọ́dọọdún, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló lọ tó bọ̀.

Beagle tí gbogbo ayé mọ̀ ńkọ́? Bíríìgì Cherokee ni òun náà, Woolwich ni wọ́n ti tì í sómi ní 1820. Kò gbé lẹ́tà, ṣùgbọ́n ó gbé Charles Darwin, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì, yí ayé ká láti 1831 sí 1836, ó sì gbé e padà dé Falmouth níbí.


KáfíńtàÌlàjẹ fèsì:

Ẹ dúró níbẹ̀. Mo ti ka nípa Beagle. Ṣé bó ṣe wà láti ilé ni wọ́n gbé e lọ? Rárá o. Wọ́n ti fi òpó kẹta kún un. FitzRoy, ọ̀gá rẹ̀, tún ní kí wọ́n gbé dẹ́ẹ̀kì rẹ̀ sókè kí wọ́n tó gbéra ní 1831. Gbígbé dẹ́ẹ̀kì sókè túmọ̀ sí pé ibi tí omi lè kó jọ sí dín kù. Ohun tí mo ń wí náà ni.

Nígbà tí wọ́n sì dé Cape Horn, ní ìpẹ̀kun gúúsù Amẹ́ríkà, nínú oṣù January 1833, ìjì kan bá wọn. Ìgbì ńlá mẹ́ta tẹ̀ lé ara wọn. Èkínní àti èkejì gba agbára ọkọ̀, ẹ̀kẹta ṣubú lé e lórí, ó sì tẹ̀ ẹ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ọkọ̀ ojú omi kékeré kan tó so mọ́ ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ kún fún omi, wọ́n ní láti gé e dànù. Omi kún dẹ́ẹ̀kì láàárín ògiri méjèèjì. Ohun tó gbà wọ́n là ni pé káfíńtà ọkọ̀ lọ bá fèrèsé àgbá, ó fi ọ̀pá igi tì í ṣí, omi náà ya jáde, Beagle sì dìde. Ká ní fèrèsé náà kò ṣí ni, Darwin kò bá ti dé ilé.

Ọ̀rọ̀ nìyẹn! Kí lẹ rò pé ó ṣẹlẹ̀ sí Briseis ní tirẹ̀, lóru, nínú yìnyín, bóyá pẹ̀lú fèrèsé tí wọ́n ti kàn pa nítorí òtútù?


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Ẹ̀gbọ́n, àlàyé yín lágbára, n kò lè jiyàn nípa dẹ́ẹ̀kì. Ṣùgbọ́n ẹ wò ó báyìí: FitzRoy bèèrè fún àtúnṣe, wọ́n ṣe é fún un. Àwọn tó ń wa ọkọ̀ lẹ́tà ńkọ́? Admiralty dín àgbá àti èèyàn inú ọkọ̀ lẹ́tà kù lóòótọ́, ìyẹn sì mú un fúyẹ́. Síbẹ̀, wọ́n mọ orúkọ tí àwọn atukọ̀ ń pè é, wọ́n sì ń rán an lọ sí Halifax lọ́dọọdún. Ibi tó ń dùn mí nìyẹn. Ọkọ̀ náà ní àbùkù, àbùkù tó ṣeé tún ṣe ni, àwọn tó ní agbára láti tún un ṣe ń ka owó.


Ṣadé_Brixton fèsì:

Mo ń ka gbogbo yín, mo ń gbádùn rẹ̀. Ìbéèrè kékeré kan: ọkọ̀ tó gba Àjàyí Crowther sílẹ̀ lọ́wọ́ àwọn olówò ẹrú, ṣé irú rẹ̀ náà ni?


Akẹ́kọ̀ọ́Ìtàn fèsì:

Rárá, àǹtí mi. Myrmidon ni wọ́n ń pe ìyẹn. Òun àti Iphigenia ni wọ́n jọ mú ọkọ̀ àwọn Potogí náà ní April 1822. Myrmidon tóbi ju bíríìgì Cherokee lọ, òpó mẹ́ta ló ní, iṣẹ́ rẹ̀ sì ni láti máa lé àwọn olówò ẹrú.

Àmọ́ ìbéèrè yín ṣí ọ̀nà kan. Àwọn ọkọ̀ tó ń lé olówò ẹrú yìí ń bá èèyàn gbé lẹ́tà láìjẹ́ pé iṣẹ́ wọn ni. Nígbà tí Henry Townsend àti àwọn míṣọ́nnárì yòókù ń gbé ní Abẹ́òkúta láti 1846, kò sí ọkọ̀ lẹ́tà tó ń wá sí etíkun wa. Lẹ́tà wọn á lọ sí Bàdágrì, á dúró de ọkọ̀ ogun tàbí ọkọ̀ oníṣòwò tó bá ń kọjá. 1852 ni Macgregor Laird gba iṣẹ́ lẹ́tà fún ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, tí ọkọ̀ sítíìmù wá ń wá lóṣooṣù, Èkó sì wà lára ibi tí wọ́n ń dé. Àwọn bíríìgì Falmouth kò dé ọ̀dọ̀ wa rí.


Àgùdà_Èkó fèsì:

Wọn kò dé ọ̀dọ̀ wa nílé, ṣùgbọ́n wọ́n dé ọ̀dọ̀ àwọn èèyàn wa ní Bahia, ní Brazil.

Ìtàn àwọn baba wa tó ti Brazil padà ni mo fi ń ṣe iṣẹ́. Ọkọ̀ lẹ́tà Falmouth tó ń lọ sí Rio máa ń gba Madeira àti Tenerife, á wá yà ní Pernambuco àti Bahia kó tó dé Rio. Ìrìn náà lè gba ọ̀sẹ̀ mẹ́fà tàbí méje. Ẹ fojú inú wo èbúté Salvador, olú ìlú Bahia, ní àkókò yẹn. Àwọn tó ń ru ẹrù láti etí omi lọ sókè ìlú, Nàgó, ìyẹn àwọn Yorùbá, ló pọ̀ nínú wọn. Bíríìgì ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kékeré kan á wọlé, àpò lẹ́tà á sọ̀ kalẹ̀. Nígbà tí ìṣọ̀tẹ̀ Malê, ìyẹn ti àwọn ẹrú Mùsùlùmí, bẹ́ sílẹ̀ níbẹ̀ lóru January 24 mọ́jú 25, 1835, àwọn ọmọ wa ló pọ̀ jù nínú àwọn tó gbé idà. Ọ̀nà tí lẹ́tà ìjọba ń gbà láti Bahia dé Lọ́ńdọ̀nù nígbà náà ni ọ̀nà bíríìgì yìí. Ó ń wọ̀ mí lára pé ìròyìn àwọn èèyàn wa gba inú ọkọ̀ tí àwọn tó ń wà á ń bẹ̀rù.


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Ẹ ṣeun púpọ̀. Mo mọ̀ pé wọ́n ń yà ní Bahia, ṣùgbọ́n n kò wò ó láti etí omi yẹn rí. Máa tún ka apá Rio náà dáadáa.


Ṣadé_Brixton fèsì:

Ẹ̀gbọ́n ỌmọAtúkọ̀, ẹ sọ pé wọ́n á jà bí wọn kò bá lè sá. Ṣé ọkọ̀ lẹ́tà kan tiẹ̀ jà tó ṣẹ́gun rí?


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Ó jà o, kí Admiralty tó gba iṣẹ́ náà pàápàá. Antelope ni mo fẹ́ràn jù. Ní December 1793, ó ń ti Jàmáíkà bọ̀ wálé, ibà ti da àwọn kan nínú àwọn atukọ̀ rẹ̀ dùbúlẹ̀. Ọkọ̀ adọdẹ Faransé kan tí wọ́n ń pè ní Atalante lé wọn bá nítòsí Cuba, èèyàn inú rẹ̀ pọ̀ ju tiwọn lọ fíìfíì. Wọ́n pa ọ̀gá Antelope. Pasco, ẹni tó ń bójú tó okùn àti ìgbòkùn, ló wá gba àṣẹ. Nígbà tí àwọn Faransé rí i pé ọwọ́ kò tẹ ohun tí wọ́n wá, wọ́n fẹ́ já ara wọn gbà kí wọ́n sá lọ. Pasco gun òkè, ó fi okùn so igi ìgbòkùn ọkọ̀ ọ̀tá mọ́ okùn òpó tiwọn. Wọ́n há mọ́ra títí àwọn Faransé fi tọrọ ẹ̀mí. Lẹ́tà dé, wọ́n sì fa ọkọ̀ ọ̀tá náà lọ́wọ́ padà sí Jàmáíkà.


BàbáÌfìwéránṣẹ́ fèsì:

Ọlọ́run á dẹlẹ̀ fún Pasco. Kí ló wá mú kí iṣẹ́ bíríìgì parí? Ṣé àwọn òkú yẹn ló jẹ́ kí Admiralty ronú?


Akẹ́kọ̀ọ́Ìtàn fèsì:

Bàbá, èéfín ló parí rẹ̀. Ní 1838, bíríìgì Tyrian ń ti Halifax bọ̀ pẹ̀lú lẹ́tà. Afẹ́fẹ́ kú, ìgbòkùn rọ̀, wọ́n dúró sójú kan. Joseph Howe, oníwèé ìròyìn ará Nova Scotia, wà nínú rẹ̀, òun àti Haliburton ọ̀rẹ́ rẹ̀. Ni wọ́n bá rí èéfín lẹ́yìn. Sirius ni, ọkọ̀ sítíìmù tó ń ti New York padà. Ó dé bá wọn lójú ibi tí wọ́n dúró sí. Ọ̀gá Tyrian gbà pé lẹ́tà tó wà lọ́wọ́ òun á yá dé bí òun bá fi lé Sirius lọ́wọ́, ó sì kó àwọn àpò náà fún un. Sirius tún bẹ̀rẹ̀ sí í lọ, wọ́n dúró tì í lójú títí èéfín rẹ̀ fi pòórá.

Nígbà tí Howe dé Lọ́ńdọ̀nù, òun àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ kọ̀wé sí ìjọba pé kí wọ́n fi sítíìmù gbé lẹ́tà. Ní 1839, Samuel Cunard gba iṣẹ́ náà, ó sì di July 1840 kí Britannia, ọkọ̀ sítíìmù rẹ̀, tó gbéra láti Liverpool lọ sí Halifax. Lisbon ti bọ́ lọ́wọ́ bíríìgì ní 1837, West Indies tẹ̀ lé e ní 1842. Brazil ló pẹ́ jù, January 1851 ni sítíìmù gba ọ̀nà yẹn.


KáfíńtàÌlàjẹ fèsì:

Àwọn tó kù nínú àwọn bíríìgì ńkọ́? Pákó dáadáa kì í ṣòfò lọ́wọ́ àwọn èèyàn wọ̀nyẹn.


ỌmọAtúkọ̀ fèsì:

Wọ́n ta àwọn kan, wọ́n tú àwọn kan palẹ̀ fún pákó. Beagle la mọ ibi tó parí sí dájú. Láti 1845, wọ́n gbé e fún àwọn aṣọ́bodè, wọ́n yọ òpó rẹ̀, wọ́n dá a ró sínú odò Roach nítòsí Paglesham, ní Essex, kó máa ṣọ́ àwọn onífàyàwọ́. Àwọn aṣọ́bodè àti ìdílé wọn ń gbé inú rẹ̀. Ní 1870, wọ́n tà á fún àwọn tó máa tú u. Àwọn onímọ̀ ti yẹ ẹrẹ̀ ibẹ̀ wò pẹ̀lú ẹ̀rọ, wọ́n rí àpẹẹrẹ ibi tó jókòó sí. Bí ẹnikẹ́ni nínú ẹ̀yin ará Lọ́ńdọ̀nù bá fẹ́ dé ibẹ̀, ọ̀nà rẹ̀ kò jìn. Ẹ bá mi ya fọ́tò rẹ̀ nígbà tí omi bá fà.